Iná kì í lọ, ọ̀nà dára: kí ló dé tí ọrọ̀ ajé Ìlú Ọba fi dúró sójú kan?

Ìbéèrè òǹkàwé:

Mo dé Ìlú Ọba lọ́dún 2022. Nílé, bí a bá ń jiyàn nípa ìdí tí ọrọ̀ ajé wa kò fi gbéra, iná mànàmáná, ọ̀nà tó bàjẹ́ àti ìwà jẹgúdújẹrá la máa ń dárúkọ. Níbí, iná kì í lọ, ọ̀nà dára, ilé ẹjọ́ ń ṣiṣẹ́, síbẹ̀ ìwé ìròyìn kò yé sọ pé ọrọ̀ ajé ti dúró sójú kan láti ọdún 2008. Ẹ̀gbọ́n kan tí a jọ ń ṣiṣẹ́, tó ti wà níbí láti ọdún 2006, sọ fún mi pé ohun tí owó oṣù òun ń rà báyìí kò ju èyí tó ń rà nígbà náà lọ. Àwọn kan ní àwa àjèjì la fà á. Àwọn kan ní Brexit ni, ìyẹn bí Ìlú Ọba ṣe kúrò nínú àjọ ìṣọ̀kan ilẹ̀ Yúróòpù. Ọ̀rẹ́ mi kan tó gba ti Karl Marx, onímọ̀ ará Jámánì ayé àtijọ́, gbọ́ ní ètò kápítálísì, níbi tí àwọn olówó ti ń dá ilé-iṣẹ́ sílẹ̀ nítorí èrè, ló ti dé òpin ọ̀nà. Ta ni ká gbà gbọ́ nínú wọn?

* * *

Kí a tó dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi, ẹ jẹ́ kí a mọ ohun tó dúró gan-an. Kì í ṣe iṣẹ́ ló wọ́n: lọ́dún 2022 tí ẹ dé, àwọn tó ń wá iṣẹ́ tí wọn kò rí kò tó ìdá 4 nínú ọgọ́rùn-ún. Ohun tó dúró ni iye ohun tí òṣìṣẹ́ kan ń mú jáde láàárín wákàtí kan. Fún ọ̀pọ̀ ọdún ṣáájú 2008, iye náà ń fi nǹkan bí ìdá 2 nínú ọgọ́rùn-ún pọ̀ sí i lọ́dọọdún. Láti ìgbà náà, ìdajì ìdá kan péré ló kù. Ìyàtọ̀ náà lè dà bí ohun kékeré lójú ẹni tí kò bá ṣírò rẹ̀. Ohun tó ń fi ìdá 2 dàgbà lọ́dọọdún yóò di ìlọ́po méjì láàárín ọdún 35, àmọ́ èyí tó ń fi ìdajì ìdá kan dàgbà yóò lo nǹkan bí ọdún 140. Owó oṣù kò lè ga ju ohun tí ọwọ́ ń mú jáde lọ fún ìgbà pípẹ́, ìdí sì nìyẹn tí ẹ̀gbọ́n yín kò fi parọ́: bí a bá yọ ọ̀wọ́ngógó ọjà kúrò, owó iṣẹ́ tí òṣìṣẹ́ ń gbà lọ́dún 2023 kò fi bẹ́ẹ̀ ju ti 2008 lọ.

Ìlú Ọba nìkan kọ́ ni ọ̀rọ̀ kàn. Ní Ítálì, ohun tó kan ẹnì kọ̀ọ̀kan nínú ọrọ̀ ajé orílẹ̀-èdè náà lọ́dún 2019 kò fẹ́rẹ̀ẹ́ yàtọ̀ sí ti ọdún 2000. Japan ti ṣáájú gbogbo wọn dúró. Amẹ́ríkà pàápàá falẹ̀ lẹ́yìn ọdún 2005, ṣùgbọ́n ó sàn ju àwọn yòókù lọ. Nítorí náà, ohun méjì ni ẹni tó bá fẹ́ ṣàlàyé ọ̀rọ̀ yìí gbọ́dọ̀ ṣàlàyé: ìdí tí gbogbo wọn fi falẹ̀, àti ìdí tí àwọn kan fi falẹ̀ ju àwọn mìíràn lọ. Àlàyé tí mo máa ń gbọ́ níbi ìkómọ àti níbi ọjọ́ ìbí kì í sábà ju ẹyọ kan lọ nínú méjèèjì.

* * *

Ọ̀rọ̀ àjèjì ni mo fẹ́ kọ́kọ́ mú kúrò lọ́nà, nítorí òun ni ariwo rẹ̀ pọ̀ jù tí ẹ̀rí rẹ̀ sì kéré jù. Ọdún 2008 ni ìdàgbàsókè náà já. Ọdún 2022 sí 2023 ni iye àwọn tó wọlé ga jù lọ, nígbà tó fi ohun tó lé ní 900,000 ju iye àwọn tó jáde lọ láàárín oṣù méjìlá. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ọdún mẹ́rìnlá lẹ́yìn àìsàn kò lè jẹ́ òun ló fa àìsàn. Ẹ tún wo Japan: nígbà tí tirẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1990, nǹkan bí ẹnì kan nínú ọgọ́rùn-ún péré ni àjèjì níbẹ̀.

Ẹnì kan fèsì sí mi pé òun kò sọ pé àjèjì ló dá a sílẹ̀, ṣùgbọ́n pé òṣìṣẹ́ tó ń gba owó táṣẹ́rẹ́ ni kò jẹ́ kí àwọn olówó ra ẹ̀rọ. Ó fi ibi ìfọkọ̀ ṣe àpẹẹrẹ: ẹ̀rọ ló ń fọ ọkọ̀ ní ilé epo tẹ́lẹ̀, àmọ́ báyìí ọkùnrin márùn-ún tó mú kànìnkànìn àti garawa dání ló gba ibẹ̀. Òótọ́ ni ohun tó rí. Mo ti fọ ọkọ̀ mi nírú ibẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, iṣẹ́ wọn sì mọ́ ju ti ẹ̀rọ lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó ni ibẹ̀ ló pinnu pé òun kò ní tún ẹ̀rọ tó bàjẹ́ rà, ó sì pinnu bẹ́ẹ̀ nítorí pé ó mọ̀ pé kò sí òṣìṣẹ́ ìjọba kan tí yóò wá béèrè bóyá òun ń san iye tó kéré jù tí òfin pa láṣẹ. Wọ́n ní à á kọ́kọ́ lé akátá lọ ná ká tó wá bá adìyẹ wí. Bí ìjọba bá ń yẹ irú ibi bẹ́ẹ̀ wò bó ṣe yẹ, ẹ̀rọ yóò padà.

* * *

Ẹ̀ka kan wà tí ẹ̀rọ kò ní padà sí, nítorí kò fìgbà kan wà níbẹ̀, òun sì ni ọ̀pọ̀ nínú wa ń ṣe. Mo ṣe iṣẹ́ ìtọ́jú àgbàlagbà lóru fún ìgbà díẹ̀ kí n tó lọ kọ́ iṣẹ́ ìṣirò owó. Bí a bá fẹ́ yí ìyá àgbà kan tí kò lè dìde padà lórí ibùsùn kí egbò má bàa yọ sí i lára, ènìyàn méjì ló ń gbà, ìṣẹ́jú tó sì ń gbà kò dínkù bó ti wù kí ọ̀gá pariwo tó. Nígbà tí wọ́n gba ìwé tí a ń kọ ọ̀rọ̀ sí lọ́wọ́ wa, tí wọ́n sì fún wa ní fóònù láti máa kọ ọ́ sí, ọ̀rọ̀ tí a ń kọ ló pọ̀ sí i. Àwọn tí a ń tọ́jú kò pọ̀ sí i.

Àwọn onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé ará Amẹ́ríkà méjì, William Baumol àti William Bowen, ti ṣàlàyé irú èyí lọ́dún 1966 nígbà tí wọ́n ń yẹ owó iṣẹ́ àwọn olórin wò. Orin tó gba ènìyàn mẹ́rin láyé àtijọ́ ṣì gba ènìyàn mẹ́rin lónìí, ṣùgbọ́n owó wọn gbọ́dọ̀ máa bá ti òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ ga, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ wọn yóò fi orin sílẹ̀. Bí orílẹ̀-èdè ṣe ń lówó sí i, tí ẹ̀rọ sì ń gba iṣẹ́ oko àti ti ilé-iṣẹ́ àmújáde ṣe, bẹ́ẹ̀ ni òṣìṣẹ́ ń pọ̀ níbi tí ọwọ́ kò ti lè yá ju bó ṣe ń yá lọ: ìtọ́jú aláìsàn, ìkọ́ni, irun gígẹ̀, oúnjẹ sísè. Ní Ìlú Ọba báyìí, àwọn tó ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ àmújáde kò tó ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún òṣìṣẹ́. Ìjọba ṣílẹ̀kùn físà fún òṣìṣẹ́ ìtọ́jú ní oṣù Kejì ọdún 2022, ó ní kí wọ́n má mú ìyàwó tàbí ọkọ àti ọmọ wá mọ́ ní oṣù Kẹta ọdún 2024, ó sì tì í pa mọ́ àwọn tó wà lókè òkun ní oṣù Keje ọdún 2025. Kò sí ìkankan nínú ìpinnu mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tó sọ ìyá àgbà náà di ẹni tí ènìyàn kan ṣoṣo lè yí padà.

Àlàyé yìí bá gbogbo orílẹ̀-èdè olówó mu, mo sì gbà á tọwọ́tẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n díẹ̀díẹ̀ ni irú ìyípadà bẹ́ẹ̀ ń dé. Kò lè ṣàlàyé ìdí tí ohun tó ń dàgbà títí di 2007 fi já lójijì lọ́dún tó tẹ̀ lé e.

* * *

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí ọrọ̀ ajé olówó ṣe ń já lójijì tí kì í sì gbéra mọ́, Japan ló yẹ kó lọ wò. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1985, àwọn aṣojú orílẹ̀-èdè márùn-ún pàdé ní òtẹ́ẹ̀lì Plaza ní New York, wọ́n sì fohùn ṣọ̀kan pé kí dọ́là wálẹ̀, èyí tó mú kí yẹ́ẹ̀nì gbówó lórí. Kí àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń ta ọjà sókè òkun má bàa kú, báńkì àpapọ̀ Japan sọ èlé di ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún 1987. Owó wá pọ̀ lóde, ṣùgbọ́n ilẹ̀ àti ìpín ìdókòwò ni wọ́n ń fi rà. Báńkì ń yá ènìyàn lówó nítorí pé ó ní ilẹ̀. Owó tí wọ́n yá a ló ń mú kí ilẹ̀ gbówó lórí. Ilẹ̀ tó gbówó lórí ló sì ń mú kí wọ́n tún yá a sí i. Ní ọjọ́ 29 oṣù Kejìlá ọdún 1989, òṣùwọ̀n ọjà ìpín ìdókòwò tí wọ́n ń pè ní Nikkei dé 38,915. Báńkì àpapọ̀ gbé èlé dé ìdá 6 lọ́dún 1990, gbogbo rẹ̀ sì wó. Oṣù Kejì ọdún 2024 ni Nikkei tó padà kọjá ibi tó wà nígbà náà.

Kì í ṣe wíwó tó wó ló burú jù, ohun tí wọ́n ṣe lẹ́yìn rẹ̀ ni. Àwọn báńkì kò fẹ́ kí ayé mọ̀ pé owó wọn ti bómi lọ, nítorí náà wọ́n ń yá oníbàárà tí kò lè san gbèsè lówó tuntun, kó lè fi san èlé ti àtijọ́. Ilé-iṣẹ́ àkúdàáyà ni irú wọn. Wọ́n ti kú nínú ìwé ìṣirò, síbẹ̀ wọ́n ń ṣílẹ̀kùn láràárọ̀, wọ́n gba òṣìṣẹ́ sọ́wọ́, wọ́n sì ń ta ọjà ní iye tí ilé-iṣẹ́ tó wà láàyè kò lè bá wọn ná. Ẹni tó fẹ́ dá iṣẹ́ tuntun sílẹ̀ kò rí òṣìṣẹ́, kò rí ọjà, kò sì rí báńkì tí yóò yá a lówó. Ọdún méje kọjá kí Yamaichi, ọ̀kan nínú àwọn ilé-iṣẹ́ ìpín ìdókòwò tó tóbi jù, àti báńkì Hokkaido Takushoku tó wó nínú oṣù kan náà, oṣù Kọkànlá ọdún 1997. Lọ́dún 1999, èlé di òdo. Richard Koo, onímọ̀ kan tó ṣiṣẹ́ ní Tokyo nígbà náà, ṣàlàyé ìdí tí ìyẹn kò fi ràn wọ́n lọ́wọ́: àwọn ilé-iṣẹ́ tó jẹ gbèsè kò yá owó mọ́ rárá, bó tilẹ̀ jẹ́ ọ̀fẹ́, nítorí gbogbo ohun tó ń wọlé ni wọ́n ń fi san gbèsè ilẹ̀ tí kò níye lórí mọ́.

* * *

Ẹnì kan kọ̀wé láti Texas pé mo gbàgbé ọjọ́ ogbó, pé àwọn ará Japan ti darúgbó ni, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

N kò gbàgbé o. Àwọn tó wà ní ọjọ́ orí iṣẹ́ ní Japan pọ̀ jù lọ ní nǹkan bí ọdún 1995, wọ́n tó mílíọ̀nù 87. Wọn kò tó mílíọ̀nù 75 mọ́ báyìí. Ó tilẹ̀ yẹ kí ọ̀rọ̀ náà mú wa ṣọ́ra, nítorí pé bí a bá pín ohun tí Japan ń mú jáde sí iye àwọn tó wà ní ọjọ́ orí iṣẹ́ nìkan, láti nǹkan bí ọdún 2000, kò fi bẹ́ẹ̀ rẹ̀yìn sí àwọn orílẹ̀-èdè olówó yòókù. Ọdún 1990 sí 2000 ni àkúdàáyà pa á lára. Ọjọ́ ogbó ló ń dá a dúró láti ìgbà náà. Àmọ́ Ìlú Ọba kò ní àwáwí ọjọ́ ogbó yẹn, nítorí pé iye àwọn tó lè ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ń pọ̀ sí i, lára wọn sì ni ẹ̀yin tí ẹ jápa lọ́dún 2022. Nítorí náà, bí a bá fi òṣùwọ̀n yìí wọ̀n wọ́n, ti Ìlú Ọba burú ju ti Japan lọ.

* * *

Ẹ jẹ́ kí a padà sí London. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2007, àwọn ènìyàn tò gbọọrọ síwájú báńkì Northern Rock láti gba owó wọn; ọdún kan lẹ́yìn náà, ìjọba ní láti fi owó ìlú gba Royal Bank of Scotland sílẹ̀. Bank of England, báńkì àpapọ̀ Ìlú Ọba, sọ èlé kalẹ̀ láti ìdá 5.75 sí ìdajì ìdá kan nígbà tó di oṣù Kẹta ọdún 2009, kò sì padà dé ìdá 1 títí di ọdún 2022. Ó tún fi owó tuntun ra ìwé gbèsè, ìjọba ló sì jẹ èyí tó pọ̀ jù nínú gbèsè náà, títí tí gbogbo rẹ̀ fi dé bílíọ̀nù 895 pọ́n-ùn. Ta ló sọ pé owó kò sí? Owó kún ìlú. Ibi tó ń ṣàn lọ ni ìjà mi.

Ohun tí mo gbà gbọ́ nìyí: ọrọ̀ ajé Ìlú Ọba dúró nítorí pé owó rẹ̀ ń lọ sórí ohun tó ti wà tẹ́lẹ̀, pàápàá ilẹ̀ àti ilé, dípò kó lọ sórí ohun tuntun tí yóò mú kí wákàtí iṣẹ́ kan so èso ju ti àná lọ, àti nítorí pé òfin tirẹ̀ fúnra rẹ̀ kò jẹ́ kí wọ́n kọ́ ohun tuntun náà. Lọ́dún 1997, ilé kan ní England ń gba nǹkan bí owó iṣẹ́ ọdún mẹ́ta àtààbọ̀ lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ tí owó rẹ̀ kò kéré tí kò sì pọ̀. Lọ́dún 2022, ó lé ní owó iṣẹ́ ọdún 8. Ilé náà kò di méjì, òrùlé rẹ̀ kò di wúrà.

Ìwé owó àwọn oníṣòwò kéékèèké ni mo ń ṣe báyìí. Obìnrin kan nínú wọn ń ṣe búrẹ́dì Àgége ní gúúsù ìlà-oòrùn London, àwọn oníbàárà rẹ̀ sì ń tò láti kùtùkùtù ọjọ́ Sátidé. Ó fẹ́ ra ààrò ńlá àti ẹ̀rọ tó ń po ìyẹ̀fun, èyí tí ìbá jẹ́ kí òṣìṣẹ́ kan náà ṣe ìlọ́po mẹ́ta búrẹ́dì tó ń ṣe. Báńkì béèrè ilé tí yóò fi dúró fún owó náà. Kò ní ilé. Ní àkókò kan náà, àbúrò rẹ̀ tó ní ilé kan lọ yá owó láti ra èkejì tí yóò máa fi háyà, wọ́n sì fún un kíá. Owó tí ọ̀kan fẹ́ yá ìbá sọ búrẹ́dì di púpọ̀. Èyí tí èkejì yá kò sọ ilé di púpọ̀, ó kàn sọ ọ́ di ọ̀wọ́n. N kò dá báńkì náà lẹ́bi púpọ̀, nítorí ìṣirò rẹ̀ pé: bí obìnrin náà bá kùnà, ààrò àlòkù kò níye lórí, àmọ́ ilé kì í sá lọ.

Kí n sì bá àwa fúnra wa wí díẹ̀. A ń dá àjọ, a ń kó o, kí la sì ń fi í ṣe? Owó àkọ́san ilé ni. Kò sí ẹni tó gbọ́n tó lè sọ pé kí a má ṣe bẹ́ẹ̀, nítorí pé ilé ti so èso ju iṣẹ́ lọ láti ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn, níbẹ̀ gan-an sì ni àrùn náà wà.

* * *

Wọ́n bi mí léèrè pé òfin wo ni mo ní kò jẹ́ kí wọ́n kọ́ nǹkan. Òfin ìkọ́lé ti ọdún 1947 ni, èyí tó gba ẹ̀tọ́ láti kọ́lé sórí ilẹ̀ ẹni lọ́wọ́ ẹni tó ni ilẹ̀, tó sì ní kó máa tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ kánsù lẹ́yọ lẹ́yọ. Ó ní ìdí rere nígbà náà, nítorí wọn kò fẹ́ kí ìlú ńlá gbé oko mì. Ṣùgbọ́n ohun tó dà báyìí ni pé ẹni tó ti ní ilé ní àdúgbò lè dá ẹni tí kò tíì ní dúró. Àgbà tó jẹ àjẹìwẹ̀yìn, wọ́n ní yóò ru igbá rẹ̀ délé. Àwọn àgbà ibí yìí ti rí òṣìṣẹ́ ìtọ́jú tí yóò bá wọn rù ú.

Ẹ wo ohun tí wọn kò kọ́. England kò ṣí adágún omi ńlá tuntun kankan láti ìgbà tí wọ́n ṣí ti Carsington lọ́dún 1992. Ilé-iṣẹ́ iná átọ́míìkì tí wọ́n parí gbẹ̀yìn ni Sizewell B, lọ́dún 1995. Leeds, ìlú tó tóbi tó bẹ́ẹ̀, kò ní ọkọ̀ ojú irin inú ìlú títí di òní, lẹ́yìn tí ìjọba fagi lé èyí tí wọ́n fẹ́ ṣe lọ́dún 2005. Ìjọba tún gé ẹ̀ka àríwá ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin HS2 kúrò ní oṣù Kẹwàá ọdún 2023, lẹ́yìn tí owó ti bá a lọ. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé ní Dartford tàbí Thurrock mọ ohun tí ojú yín ń rí láràárọ̀ bí ẹ bá fẹ́ sọdá odò Thames. Láti gba àṣẹ lásán fún ihò tuntun tí wọ́n fẹ́ gbẹ́ sábẹ́ odò náà, ìwé tí wọ́n kọ lé ní 300,000 ojú ewé, owó tó sì bá a lọ kọjá mílíọ̀nù 250 pọ́n-ùn kí ẹnikẹ́ni tó fi ṣọ́bìrì kan ilẹ̀. Oṣù Kẹta ọdún 2025 ni àṣẹ náà tó jáde.

Ẹnì kan sọ pé ilé àti ọ̀nà kò mú ohunkóhun jáde fúnra wọn, pé ẹ̀rọ àti ìmọ̀ ló ṣe kókó. Mo gbà, ṣùgbọ́n ìmọ̀ ń gbé nínú ènìyàn, ènìyàn sì gbọ́dọ̀ sùn síbì kan. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó kàwé nípa ìmọ̀ àwọn ohun alààyè rí iṣẹ́ ní Cambridge tí owó rẹ̀ ju ti ibi tó wà lọ dáadáa. Nígbà tó yọ owó ilé kúrò, ó rí i pé òfo ni, ó sì dúró síbi tó wà. Orílẹ̀-èdè pàdánù ohun tí ì bá mú jáde, kò sì sí ibi tí wọ́n kọ àdánù náà sí.

* * *

Brexit: mo ní láti dáhùn nítorí pé ìbéèrè náà dárúkọ rẹ̀. Àjọ tó ń bá ìjọba ṣírò ètò ìnáwó, OBR, gbà pé yóò mú kí ohun tí òṣìṣẹ́ ń mú jáde fi nǹkan bí ìdá 4 dínkù tó bá pẹ́ títí, ìdókòwò àwọn ilé-iṣẹ́ sì dúró lẹ́yìn ìbò oṣù Kẹfà ọdún 2016. Egbò tuntun lórí egbò àtijọ́ ni. Ọdún mẹ́jọ ti wà láàárín ìjákulẹ̀ àti ìbò náà.

Ọ̀rọ̀ bí ìjọba ṣe dín ìnáwó rẹ̀ kù láti ọdún 2010 wúwo ju bẹ́ẹ̀ lọ. George Osborne, mínísítà ètò ìṣúná nígbà náà, ní gbèsè pọ̀ jù, ó sì gé owó lára ohun tí ìjọba ń kọ́, ní àkókò tí èlé kéré jù lọ. Japan ti ṣe irú rẹ̀: wọ́n gbé owó orí ọjà láti ìdá 3 sí ìdá 5 ní oṣù Kẹrin ọdún 1997, ọrọ̀ ajé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mí sì tún dákú. Gbèsè ìjọba Japan ju ìlọ́po méjì ohun tí orílẹ̀-èdè náà ń mú jáde lọ́dún lọ báyìí, kò sì tíì wó. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má sọ pé gbèsè kò lè dun Ìlú Ọba: Liz Truss, olórí ìjọba nígbà náà, dán an wò ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2022, ó fẹ́ gé owó orí láìsọ ibi tí owó yóò ti wá, ọjà gbèsè, ìyẹn àwọn tó ń yá ìjọba lówó, sì lé e kúrò lórí àlééfà. Gbèsè tí a fi kọ́ ọ̀nà àti gbèsè tí a fi pín owó kì í ṣe ọ̀kan náà.

* * *

Ó ku ọ̀rẹ́ yín tó gba ti Marx gbọ́, n kò sì fẹ́ fi í ṣe yẹ̀yẹ́, nítorí òun nìkan ló bi ìbéèrè tó tóbi tó.

Marx sọ pé bí ẹ̀rọ bá ń pọ̀ ju òṣìṣẹ́ lọ, èrè yóò máa dínkù. Nínú àwọn tó tẹ̀ lé e, Robert Brenner, onímọ̀ ìtàn ará Amẹ́ríkà, ló sún mọ́ ohun tí ojú rí jù lọ: ó ní nígbà tí Jámánì àti Japan ti bá Amẹ́ríkà dé lẹ́yìn ogun, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe irú ọjà kan náà pọ̀ ju ọjà lọ, èrè sì ti falẹ̀ láti nǹkan bí ọdún 1973. Ọdún yẹn kì í ṣe àròsọ. Ní gbogbo àwọn orílẹ̀-èdè olówó, ìdàgbàsókè lẹ́yìn 1973 kò tún rí bíi ti ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n tó ṣáájú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n àwọn tó ń kéde òpin ti kéde rẹ̀ rí. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1938, Alvin Hansen sọ fún àwọn onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ pé ènìyàn kò pọ̀ sí i mọ́, ilẹ̀ tuntun ti tán, ìdúró yóò sì pẹ́. Ogun dé, ọmọ bíbí sì pọ̀ lẹ́yìn rẹ̀, Amẹ́ríkà wọ inú ìdàgbàsókè tí kò rí irú rẹ̀ rí. Larry Summers, onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé bíi tirẹ̀, jí ọ̀rọ̀ náà dìde ní oṣù Kọkànlá ọdún 2013. Robert Gordon, onímọ̀ ètò ọrọ̀ ajé mìíràn, ní tirẹ̀ sọ pé iná mànàmáná, omi ẹ̀rọ àti ọkọ̀ ti yí ayé padà lẹ́ẹ̀kan, pé fóònù ọwọ́ wa kò lè ṣe tó bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá ti pọn omi láti kànga rí kò ní bá a jiyàn púpọ̀.

Ibi tí èmi àti ọ̀rẹ́ yín ti pínyà ni èyí: kápítálísì kan náà ló wà ní Amẹ́ríkà, ní Ítálì àti ní Ìlú Ọba. Bí òun nìkan bá ni ìdí, kí ló dé tí òṣìṣẹ́ Amẹ́ríkà fi ń mú jáde sí i ju ti Ìlú Ọba lọ lọ́dọọdún láti 2008? Àlàyé tó kan gbogbo wọn lọ́nà kan náà kò lè sọ ìdí tí wọ́n fi yàtọ̀. Ó lè dá mi lóhùn pé èrè náà kò dé ọwọ́ òṣìṣẹ́ Amẹ́ríkà bó ṣe yẹ, yóò sì tọ̀nà, ṣùgbọ́n ìyẹn jẹ́ ọ̀rọ̀ bí a ṣe ń pín oúnjẹ, ohun tí ẹ bi wá ni ìdí tí oúnjẹ kò fi pọ̀ sí i.

* * *

Ẹni tó béèrè tún padà wá, ó ní: "Bí ilé bá ni, ṣé kí a máa retí pé èlé tó ga yóò tún un ṣe? Èlé ti dé ìdá 5.25 lọ́dún 2023."

Èlé tó ga ń pa àkúdàáyà, ìyẹn dára, ṣùgbọ́n ó ń pa akọ́lé pẹ̀lú, nítorí gbèsè ni akọ́lé fi ń ra sìmẹ́ńtì. Iye owó ilé dínkù díẹ̀, owó ilé tí ayálégbé ń san sì ga sí i. Èlé kò lè tún ohun tí òfin dì mú ṣe. Iye ilé tí wọ́n parí ni kí ẹ máa ṣọ́. Ìjọba tó gorí àlééfà lọ́dún 2024 ṣèlérí mílíọ̀nù kan àtààbọ̀ ilé ní England láàárín ọdún márùn-ún, ìyẹn 300,000 lọ́dọọdún. Bí wọ́n bá kọ́ iye yẹn fún ọdún mẹ́wàá gbáko, tí adágún omi, ọ̀nà àti ilé-iṣẹ́ iná sì tẹ̀ lé e, síbẹ̀ tí ohun tí òṣìṣẹ́ ń mú jáde ní wákàtí kan kò kúrò níbi tó wà, nígbà náà ni kí ọ̀rẹ́ yín tó gba ti Marx gbọ́ wá bá mi, èmi náà yóò jókòó ka ìwé rẹ̀ láti ojú ewé àkọ́kọ́.